Láptọ́ọ̀pù Tó Ń Kólòlò Nínú Warzone

Ìbéèrè: Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú iṣẹ́ o. Òṣogbo ni mo ń gbé. Mo ra láptọ́ọ̀pù tòkunbọ̀ kan lọ́dún tó kọjá: Core i5-9300H, GTX 1650 oní-4GB, RAM 8GB, SSD 512GB. Warzone, géèmù ìbọn orí íntánẹ́ẹ̀tì yẹn, ni mo ń gbá lórí rẹ̀. Nọ́ńbà FPS (iye àwòrán tó ń jáde láàárín ìṣẹ́jú-àáyá kan) tó wà ní igun síkírínì máa ń tó 70, àmọ́ bí ọ̀tá bá ti yọ sí mi báyìí, gbogbo rẹ̀ á dì gan-in. Kó tó tú, wọ́n ti pa mí. Mo ti fa gbogbo settings wá sí Low, mo ti gbé “FPS booster” méjì sórí ẹ̀, kò yàtọ̀. Ọ̀rẹ́ mi ní GTX 1650 ti di ti àtijọ́, pé kí n tà á kí n lọ wá èyí tó ní RTX. Ṣé kí n tà á? Ẹ tún bá mi wo ọ̀rọ̀ ẹ̀gbọ́n mi: RTX 3060 ló wà nínú desktop tirẹ̀, síbẹ̀ FPS 18 ló ń rí.

Ìdáhùn: Àbúrò mi, má tíì tà á. Nínú gbogbo ohun tí o kọ, nọ́ńbà kan ti tú àṣírí ọ̀rọ̀ náà: 70 yẹn. GPU (ẹ̀yà tó ń ya àwòrán, bíi GTX 1650 rẹ) tí agbára rẹ̀ kò ká géèmù kì í fún èèyàn ní 70 kó tún máa dì. 35 ló máa ń fúnni, àtàárọ̀ dalẹ́, kò ní lọ sókè, kò ní wá sílẹ̀. Tìrẹ ń sáré dáadáa, ó kàn ń kọsẹ̀ ni. Akólòlò kì í ṣe odi. Ọ̀rọ̀ wà lẹ́nu rẹ̀, nǹkan ló ń dá a dúró kó tó jáde. Ohun tó ń dá tìrẹ dúró la fẹ́ wá, mo sì lè sọ fún ọ láti ìsinsìnyí pé ó ṣòro kó jẹ́ GTX 1650.

Wo ohun tí nọ́ńbà FPS ń bò mọ́lẹ̀. Ní 70 FPS, àwòrán kọ̀ọ̀kan ń lo nǹkan bíi mìlísẹ́kọ́ǹdù 14 kó tó jáde. Ká wá ní láàárín ìṣẹ́jú-àáyá kan, àwòrán 62 jáde bó ṣe yẹ, ẹyọ kan wá há sọ́nà, ó lo mìlísẹ́kọ́ǹdù 120. Ìṣẹ́jú-àáyá náà pé, nọ́ńbà orí síkírínì á sì kọ 63. O máa wò ó, wàá ní 63 kò kúkú burú. Àmọ́ fún mìlísẹ́kọ́ǹdù 120 yẹn, síkírínì rẹ kò mira rárá. Ọwọ́ rẹ ń ti máòsì lọ, ìbọn kò tẹ̀ lé e, ọ̀tá tí tirẹ̀ ń lọ geere sì ti yìn ọ́ lulẹ̀.

Nítorí náà, kí o tó fọwọ́ kan settings kankan, gbé MSI Afterburner (ètò tó ń fi bí ẹ̀rọ ṣe ń ṣiṣẹ́ hàn) sórí ẹ̀rọ náà pẹ̀lú RivaTuner tó máa ń bá a wá. Ọ̀fẹ́ ni, kò sì di dandan kí káàdì rẹ jẹ́ ti MSI. Ojúlé MSI fúnra wọn tàbí Guru3D ni kí o ti gbà á, torí àwọn ayédèrú rẹ̀ tí wọ́n fi fáírọ́ọ̀sì sínú wọn ti wà níta rí. Mú nǹkan wọ̀nyí jáde sójú géèmù: frametime, ìyẹn àkókò tí àwòrán kọ̀ọ̀kan ń lò (ìlà ni kí o ní kó yà á, má ṣe é ní nọ́ńbà), GPU usage, ooru GPU àti ti CPU, CPU clock (bí CPU ṣe ń sáré tó), RAM usage, àti memory usage tó jẹ́ ti GPU. Gbá eré mẹ́ta. Ìgbà tó bá dì, wo ohun tí àwọn nọ́ńbà yẹn ṣe lásìkò yẹn gan-an. Mo mọ̀ pé wọ́n á máa yìnbọn fún ọ, o ò ní ráyè wò ó. Nítorí náà fi fóònù ya fídíò síkírínì, kí o tún un wò bí eré bá parí. Fóònù ni mo sọ o. Má fi kọ̀ǹpútà kan náà ya ara rẹ̀, ẹrù mìíràn nìyẹn lórí rẹ̀.

Kí o lè mọ bí wàá ṣe ka àwọn nọ́ńbà náà, fojú inú wo ṣọ́ọ̀bù aránṣọ lọ́sẹ̀ Iléyá. Ọ̀gá ló ń wọn aṣọ, òun ló ń gé e. Ọmọṣẹ́ jókòó sídìí máṣìnì, ó ń rán. CPU ni ọ̀gá: òun ló ń ṣírò ibi tí ọ̀tá wà, ibi tí ọta ìbọn gbà, ohun tó wà lẹ́yìn ilẹ̀kùn, kó tó kó o fún GPU pé kó yà á. RAM ni tábìlì tí wọ́n tẹ́ aṣọ lé, SSD ni kọ́bọ́ọ̀dù. Bí GPU usage bá dúró ní 97 sí 99, ọmọṣẹ́ ń ṣiṣẹ́ débi tí agbára rẹ̀ mọ, aṣọ ló pọ̀ jù fún un. Bí ó bá já wálẹ̀ sí 50 nígbà tí géèmù dì, ọmọṣẹ́ káwọ́ gbera, ó ń dúró de ọ̀gá. Máṣìnì tuntun wá fẹ́ ṣe kí ni nígbà náà? Ohun tí ọ̀rẹ́ rẹ ní kí o lọ rà nìyẹn.

Àyẹ̀wò mìíràn wà tí kò gba ìṣẹ́jú márùn-ún. Sọ resolution (iye píksẹ́lì tó ń yà sójú síkírínì) di 1280×720. Píksẹ́lì 2,073,600 ló wà nínú 1920×1080, 921,600 ló wà nínú 1280×720, iṣẹ́ GPU ti wá sílẹ̀ kọjá ìdajì. Bí FPS kò bá kúrò lójú kan, ẹjọ́ kì í ṣe ti GPU. Dá a padà sí 1080 lẹ́yìn àyẹ̀wò. Mi ò ní kí o máa gbá a bẹ́ẹ̀, o ò ní rí ẹni tó dùbúlẹ̀ sórí òrùlé.

Ṣájà ni kí o kọ́kọ́ yẹ̀ wò. O kò mẹ́nu kàn án, kò sẹ́ni tó máa ń mẹ́nu kàn án. Ọmọkùnrin kan gbé irú láptọ́ọ̀pù tìrẹ yìí wá bá mi nígbà kan. Ó ti tún Windows gbé lẹ́ẹ̀mejì, ó ti pààrọ̀ thermal paste (ọ̀rá tó ń gbé ooru kúrò lára CPU àti GPU), ó ti ra fáànù tí wọ́n ń gbé sábẹ́ láptọ́ọ̀pù. Mo ní kó gbé ṣájà kalẹ̀ kí n rí i. Mo yí i dé ẹ̀yìn, mo fi tọ́ọ̀ṣì fóònù tàn sí àkọlé wínníwínní tó wà lára rẹ̀: Output 19.5V, 3.33A. Bí o bá sọ méjèèjì di púpọ̀, wáàtì 65 ni. CPU tìrẹ, wáàtì 45 ni Intel kọ fún un. GTX 1650 orí láptọ́ọ̀pù ń jẹ tó 50. Àwọn méjì yìí nìkan ti di 95, a ò tíì ka síkírínì, fáànù, SSD, àti bátìrì tó fẹ́ gba iná tirẹ̀. Ẹ̀rọ náà kò ní kú. Ńṣe ló máa dín oúnjẹ ara rẹ̀ kù: CPU clock tó wà ní 3.9GHz á ṣàdédé já sí 0.8, á wà níbẹ̀ fún ìṣẹ́jú-àáyá kan, á tún gùn padà. Géèmù dì, géèmù tú. Ẹni tó ta ẹ̀rọ náà fún un ló fi ṣájà láptọ́ọ̀pù ọ́fíìsì kan sí i torí pé ẹnu rẹ̀ wọ ihò. Ojúlówó ṣájà irú ẹ̀rọ bẹ́ẹ̀ sábà máa ń jẹ́ wáàtì 135 tàbí 150, 19.5V ní 6.92A ni 135. Dìde lọ wo ara tìrẹ, kí o tó padà wá kà á lọ.

Ọ̀rọ̀ iná yìí náà ló fà á tí FPS fi ń já bí NEPA bá mú iná lọ. Bátìrì láptọ́ọ̀pù kò lè gbé agbára tí GPU ń bèèrè, NVIDIA pàápàá sì ní ètò kan tó ń jẹ́ Battery Boost tó máa ń so FPS mọ́ 30 bí ẹ̀rọ bá wà lórí bátìrì. O lè pa ètò náà, àmọ́ kò ní dà bí ìgbà tí iná wà, bátìrì á sì yára gbẹ. Bí wọ́n bá ti mú iná, jẹ́ kí eré ọwọ́ rẹ parí, kí o sinmi.

Lẹ́yìn ṣájà, ooru. Ọ̀sán oṣù kẹta l'Óṣogbo kì í ṣe ojú ọjọ́ tí wọ́n fi dán àwọn ẹ̀rọ yìí wò nílé iṣẹ́. 100°C ni òpin ooru tí i5-9300H lè gbà. Bó bá ti ń súnmọ́ ọn, yóò máa dín eré rẹ̀ kù fúnra rẹ̀. Wo CPU clock lẹ́yìn ìdajì wákàtí tí o ti ń gbá a. Bó bá bẹ̀rẹ̀ ní 3.9 tó wá ń rìn ní 2.4 tàbí kó kéré sí i, tí ooru sì wà ní 95 sókè, o ti rí ọ̀kan nínú àwọn olè rẹ. Ṣí abẹ́ rẹ̀, tàbí kí o gbé e fún ẹni tó mọ̀ ọ́n ṣí. Àárín fáànù àti irin tẹ́ẹ́rẹ́tẹ́ẹ́rẹ́ tí afẹ́fẹ́ ń gbà jáde, wàá bá eruku tó ti di bí òwú níbẹ̀, tó dí ojú ọ̀nà pa. Fi igi ìtayín há abẹ̀bẹ̀ fáànù mọ́lẹ̀ kí o tó fẹ́ atẹ́gùn sí i, kó má baà yí àyíjù. Thermal paste tòkunbọ̀ tó ti pé ọdún márùn-ún, ó ti gbẹ bí ẹ̀kọ ọjọ́ mẹ́ta. Pààrọ̀ rẹ̀ lọ́jọ́ yẹn kan náà. Má gbá géèmù lórí bẹ́ẹ̀dì. Kí o sì fi ìdérí ìgò mẹ́rin gbé ẹ̀yìn láptọ́ọ̀pù sókè, méjì lápá ọ̀tún, méjì lápá òsì. Mo mọ̀ pé o máa rẹ́rìn-ín, àmọ́ ihò tí fáànù fi ń mí, abẹ́ ló wà, tábìlì ló sì ń fi ọwọ́ bò ó nímú.

Ó kan RAM. Bí wọ́n bá ní kí n ta tẹ́tẹ́, ibí yìí ni màá fi owó mi lé.

Tẹ Ctrl, Shift àti Esc pọ̀, kí Task Manager jáde. Lọ sí Performance, tẹ Memory, kí o wo ìsàlẹ̀ lápá ọ̀tún. Mo fẹ́rẹ̀ẹ́ dá a lójú pé wàá rí “Slots used: 1 of 2”. Ẹyọ kan ló wà níbẹ̀, ihò kejì ṣófo. Aburú méjì ló wà nínú ìyẹn. Èkíní, 8GB ni èyí tó kéré jù tí àwọn tó ṣe Call of Duty kọ sílẹ̀ pé géèmù wọn lè gbà, Windows ti bu tirẹ̀ lára rẹ̀ kí Warzone tó dé, Chrome àti Discord tí o gbàgbé sí ẹ̀yìn náà sì ti bu tiwọn. Tábìlì kún. Windows á wá máa kó aṣọ tí kò tíì kàn padà sí kọ́bọ́ọ̀dù, ìyẹn pagefile tó wà lórí SSD. Kò sí wàhálà títí ọ̀tá fi yọ. Ọ̀tá yọ pẹ̀lú aṣọ tí o kò tíì rí, ìbọn tí o kò tíì gbọ́ ìró rẹ̀, iná tó bù jáde lẹ́nu rẹ̀: gbogbo rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà, gbogbo rẹ̀ sì ti wà ní kọ́bọ́ọ̀dù. Ọ̀gá dìde lọ wá a. Ìdí nìyẹn tó fi jẹ́ pé ìgbà tí ọ̀tá bá yọ náà ló máa ń dì, tí ó sì máa ń lọ geere nígbà tí o bá ń rìn kiri nìkan.

Aburú kejì ni pé ẹyọ kan ń lo ojú ọ̀nà kan. DDR4 2666 ẹyọ kan ń gbé tó 21GB láàárín ìṣẹ́jú-àáyá kan. Bí wọ́n bá di méjì, ó di 42. Láptọ́ọ̀pù tìrẹ ní ojú ọ̀nà méjì, ẹni tó kọ́kọ́ rà á ni kò san owó èkejì. Ra DDR4 SODIMM (RAM ti láptọ́ọ̀pù) 8GB kan, 2666. Bí 3200 ni o bá rí, rà á, á kàn sáré ní 2666 ni. Tòkunbọ̀ kò burú níbí, RAM kì í fi bẹ́ẹ̀ gbó. Àmọ́ bí Computer Village n'Íkẹjà lo bá ti lọ rà á, ní kí wọ́n kì í bọ inú ẹ̀rọ rẹ lójú rẹ, kí Task Manager ka 16GB kí o tó sanwó. Bí o bá fẹ́ kì í fúnra rẹ: pa ẹ̀rọ náà pátá, yọ ṣájà, ṣí abẹ́, fa wáyà bátìrì kúrò lára bọ́ọ̀dù, fọwọ́ kan irin kan kí iná ara rẹ lọ. RAM máa ń wọlé ní ìdàgẹ̀rẹ̀. Tì í títí wúrà ẹnu rẹ̀ yóò fi fẹ́rẹ̀ẹ́ pamọ́ tán, kí o wá tẹ̀ ẹ́ sílẹ̀, irin ẹ̀gbẹ́ méjèèjì á dún kẹ́. Bí kò bá dún, kò tíì wọlé.

Bí ẹnikẹ́ni bá ní kí o pa pagefile nítorí pé “RAM ti pọ̀”, má dá a lóhùn. Warzone á kàn máa pa ara rẹ̀ dé lójú eré ni.

Àwọn FPS booster méjì yẹn, yọ wọ́n lónìí. Ọ̀pọ̀ nínú wọn, ohun tí wọ́n ń pè ní “pípalẹ̀ RAM mọ́” ni pé wọ́n ń da ohun tí Windows ti fara balẹ̀ kó sórí tábìlì nù, kí nọ́ńbà RAM lè wálẹ̀ kí inú rẹ dùn. Géèmù á sì tún lọ kó o láti orí SSD. Àwọn gan-an ló ń fi kún ìkólòlò náà.

Shader, ìyẹn àwọn àṣẹ tí GPU máa tẹ̀ lé láti yàwòrán, ńkọ́? Ìyẹn náà lè mú kí ẹ̀rọ dì bí ọ̀tá bá yọ, ó sì yẹ kí o yà á sọ́tọ̀ kúrò lára ọ̀rọ̀ RAM. Àwọn tó ń gbá a lórí PlayStation, irú ẹ̀rọ kan náà ló wà lọ́wọ́ wọn, nítorí náà wọ́n ti se àṣẹ tí GPU máa tẹ̀ lé jinná kó tó dé ọ̀dọ̀ wọn. Lórí PC, kò sẹ́ni tó mọ GPU tó wà nílé rẹ, ilé rẹ ni wọ́n ti ń sè é. Gbogbo ìgbà tí o bá fi driver tuntun (ètò tó ń darí GPU) sí i, tàbí tí géèmù gba update ńlá, ó di àtúnsè. Warzone máa ń gbé ìlà kan jáde lójú ewé àkọ́kọ́ tó ń ka bí ó ti jinná dé. Àwa kì í ní sùúrù. Ó wà ní 30, a ti tẹ Play. Ohun tó kù á wá máa jinná lójú ogun, lórí CPU kan náà tó yẹ kó máa ṣírò ọ̀tá. Dúró kó pé 100. Lórí CPU tó ní kọ́ọ̀ mẹ́rin bíi tìrẹ, ó lè pẹ́ dáadáa, lọ fi àkókò yẹn jẹun. Bí ó bá dì ní eré àkọ́kọ́ lẹ́yìn update, tó sì tú ní eré kẹta tàbí ìkẹrin, shader ni. Bó bá ń dì títí láé, RAM ni.

Nínú settings, nǹkan kan wà tí ń jẹ́ On-Demand Texture Streaming. Ó ń gba àwòrán aṣọ àti ògiri láti orí íntánẹ́ẹ̀tì nígbà tí o ń gbá eré lọ́wọ́. Ẹni tó ń fi dátà fóònù gbá géèmù, ó ń jẹ dátà rẹ̀, ó ń bá ping rẹ̀ (àkókò àlọ àti àbọ̀ láàárín ẹ̀rọ rẹ̀ àti sáfà géèmù) jà, ó tún ń kọ nǹkan sórí SSD. Fà á sí Minimal.

Sísọ gbogbo settings di Low tí o ṣe, kò ṣe ọ́ lóore tó bí o ṣe rò. Iṣẹ́ ọmọṣẹ́ lo dín kù, ọ̀gá ló sì ń pẹ́. Àwọn tó yẹ kó wà ní Low tàbí Off: shadow, volumetric, screen space reflections, ambient occlusion, motion blur. Texture filtering, gbé e padà sí High. Kò fi bẹ́ẹ̀ gba nǹkan kan lọ́wọ́ GPU, á sì jẹ́ kí ilẹ̀ ọ̀nà jíjìn ṣe kedere. Texture fúnra rẹ̀, memory GPU ni kí o fi wọ̀n ọ́n: 4GB lo ní, Windows náà ń mú lára rẹ̀, má jẹ́ kí ohun tí Afterburner ń kà kọjá 3.5GB. Bó bá ti kún àkúnwọ́sílẹ̀, á ṣàn lọ sínú RAM, RAM tìrẹ sì ti kún tẹ́lẹ̀. Reflex (ètò NVIDIA tó ń jẹ́ kí ohun tí ọwọ́ rẹ ṣe yára dé ojú síkírínì), tan án sí On. GTX 1650 ń ṣe é. Má lo On + Boost, ooru nìkan ló máa fi kún un. FSR (ètò tó ń ya àwòrán ní kékeré kó tó fẹ̀ ẹ́), kò wúlò fún ọ àyàfi bí GPU usage bá dúró ní 99. Frame generation, mi ò fẹ́ rí i nínú géèmù ìbọn lórí ẹ̀rọ bíi tìrẹ: ó ń fi àwòrán tí kò sí kún èyí tó wà kí nọ́ńbà lè ga, ọwọ́ rẹ á sì túbọ̀ máa pẹ́ dé ojú síkírínì. Mo mọ àwọn tó ń búra pé ó dára. Jẹ́ kí wọ́n máa búra.

Èyí tó máa yà ọ́ lẹ́nu jù rèé: so FPS mọ́ 60. Inú settings géèmù ló wà, Custom Framerate Limit. Ní 60, àwòrán kọ̀ọ̀kan ní mìlísẹ́kọ́ǹdù 16.7. Bí ẹ̀rọ rẹ bá ṣe tirẹ̀ tán ní 13, ó ku mẹ́ta àti díẹ̀ tó máa fi sinmi. Bí wàhálà kékeré bá yọjú, inú ìsinmi yẹn ló máa gbé e sí, ojú rẹ ò ní mọ̀. Bí o bá tú u sílẹ̀ pé kó máa sá eré àsápajúdé, kò sí ìsinmi kankan, gbogbo ìkọsẹ̀ ló máa hàn. Ooru náà á tún wálẹ̀. Ọjọ́ àkọ́kọ́, á ṣe ọ́ bíi pé o pàdánù nǹkan.

Windows kò gba ọ̀rọ̀ púpọ̀. Pa gbígba fídíò ní ẹ̀yìn tó wà ní Xbox Game Bar. Pa àwọn tó ń jí pẹ̀lú kọ̀ǹpútà ní Startup apps. Wọ Settings, System, Display, Graphics, kí o fi Warzone sí High performance, kó má lọ máa fi GPU Intel kékeré inú CPU yàwòrán. Driver NVIDIA, ojúlé NVIDIA ni kí o ti gbà á. Àwọn kan á ní kí o lọ pa Secure Boot (ààbò tó ń yẹ ẹ̀rọ wò bó ṣe ń tàn) kó lè yá. Má ṣe é. Kì í mú nǹkan yá, àwọn géèmù ìbọn tuntun bíi Battlefield 6 tó jáde lóṣù kẹwàá 2025 kò sì ní jẹ́ kí o wọlé láìsí i.

Má sì jẹ́ kí á da ọ̀rọ̀ nẹ́tíwọ́ọ̀kì pọ̀ mọ́ èyí. Bí ìlà frametime bá tẹ́jú bí ìlà tí wọ́n fi rúlà fà, àmọ́ tí ọ̀tá ń fò láti ibí sí ọ̀hún, tí o ń kú lẹ́yìn tí o ti wọ ẹ̀yìn ògiri, íntánẹ́ẹ̀tì nìyẹn, kò sí RAM tó máa wò ó sàn. Láti Èkó sí Lọ́ńdọ̀nù tó bíi kìlómítà 5,000. Ìmọ́lẹ̀ nínú wáyà fáíbà ń rin nǹkan bíi 200,000 láàárín ìṣẹ́jú-àáyá kan. Àlọ àti àbọ̀ ti jẹ́ mìlísẹ́kọ́ǹdù 50 kí ẹnikẹ́ni tó ṣe àṣìṣe, wáyà abẹ́ òkun kì í sì í gba ọ̀nà tààrà. Ẹni tó bá ní òun máa ta ohun tó ń sọ ping di 10 fún ọ, owó rẹ ló fẹ́ jẹ. Èyí tí o lè ṣe ni pé bí fóònù lo fi ń pín dátà, fi okùn USB so ó mọ́ láptọ́ọ̀pù dípò Wi-Fi hotspot. Ó máa ń dín fífò yẹn kù gan-an, pàápàá níbi tí hotspot àwọn ará ilé pọ̀ sí.

Tí o bá wá ṣe gbogbo èyí tán, ṣájà pé, ooru wálẹ̀, RAM di 16, tí GPU usage sì dúró ní 99 tí FPS kò tó ohun tí o fẹ́, nígbà yẹn ni ọ̀rẹ́ rẹ ní ọ̀rọ̀. Oṣù kẹrin 2019 ni wọ́n gbé GTX 1650 jáde, kò lè lo DLSS (ètò NVIDIA tó jọ FSR), 4GB rẹ̀ sì ń kéré sí i lọ́dọọdún. Àmọ́ ó ṣì ń gba driver tuntun. Àwọn GTX 1050 àti 1060 tí wọ́n ṣì ń tà fún yín lọ́jà ni NVIDIA fún ní driver géèmù ìkẹyìn lóṣù kẹwàá 2025. Owó RAM ẹyọ kan kò sí lójú ọ̀nà kan náà pẹ̀lú owó láptọ́ọ̀pù RTX. Ra èyí tó kéré ná.

Ó ku ẹ̀gbọ́n rẹ. Ní kó yí desktop náà padà, kó wo ẹ̀yìn rẹ̀. Ihò HDMI méjì ló máa bá níbẹ̀. Ọ̀kan wà lókè, láàárín àwọn ihò USB, ó dúró ní òòró. Ti bọ́ọ̀dù nìyẹn. Èkejì wà nísàlẹ̀, ó dùbúlẹ̀, òun àti DisplayPort mẹ́ta jọ wà lójú ìlà kan. Ara RTX 3060 nìyẹn. Mo fẹ́ kó sọ fún mi èyí tó ki wáyà síkírínì rẹ̀ bọ̀. Bó bá jẹ́ ti òkè, ó ṣeé ṣe kó jẹ́ pé GPU kékeré inú CPU ló ti ń fi gbá géèmù láti ọjọ́ tó ti rà á, RTX 3060 jókòó sílé láìríṣẹ́ ṣe. Kó yọ wáyà náà kó kì í bọ ti ìsàlẹ̀. Lẹ́yìn náà kó wọ Display settings, Advanced display, kó wo refresh rate (iye ìgbà tí síkírínì ń tún àwòrán yà láàárín ìṣẹ́jú-àáyá kan): bí síkírínì rẹ̀ bá lè ṣe 144Hz, ó ṣeé ṣe kí Windows ṣì fi sí 60.